Okùn Pupa Nínú Báàgì Ìwé

Ìyá mi ò kí ọkùnrin tó wọ ṣọ́ọ̀bù ìránṣọ wa káàbọ̀. Báàgì ìwé méjìlá ni ọkùnrin náà kọ́kọ́ dà sórí tábìlì tí a fi ń gé aṣọ, kó tó rántí pé ó yẹ kóun kí èèyàn. Ó wá rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ṣì ń bí mi nínú dòní. Bọ̀dá Ẹlẹ́rìn-ín ni gbogbo àdúgbò ń pè é.

"Màámi, ẹ bá mi tú aṣọ inú àwọn báàgì yìí, kí ẹ tún un rán pa dà."

Ìyá mi mú ọ̀kan, ó yí inú rẹ̀ síta, ó fà á. "Tuntun ni. Kò ya, kò tú. Kí ni mo fẹ́ rán níbẹ̀?"

"Mo kàn fẹ́ fi ẹ̀bùn díẹ̀ sábẹ́ rẹ̀ fáwọn ọmọ ilé ìwé ni."

"Ẹ̀bùn tí wọ́n ń rán mọ́ abẹ́ aṣọ? Gbé ẹrù ẹ. Kì í ṣe ṣọ́ọ̀bù tèmi lo ti máa ṣe é."

Ó tún rẹ́rìn-ín, ó kó báàgì rẹ̀ lọ. Ìyá mi pòṣé, ó sì gbé ẹsẹ̀ pa dà sórí maṣíìnì.

Ẹ jẹ́ kí n sọ nípa ẹsẹ̀ yẹn, torí òun ni mo fi ṣe àwáwí. Maṣíìnì ẹlẹ́sẹ̀ ni ìyá mi ń lò láti ìgbà tí bàbá mi ti kú. Tó bá fi máa di ìrọ̀lẹ́, ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ á ti wú débi pé bàtà ò ní wọ̀ ọ́ mọ́. Síbẹ̀, iṣẹ́ rẹ̀ kì í tú. Tó bá ti parí aṣọ, á fi okùn pupa ta kókó kan sí kọ̀rọ̀ tí ojú ò tó. Bí aṣọ náà bá tú lọ́jọ́ kan, kí oníbàárà sáà ti gbé e wá, á tún un rán lọ́fẹ̀ẹ́. "Iṣẹ́ tí mo bá ṣe, mi ò gbọdọ̀ sẹ́ ẹ," bó ṣe máa ń wí nìyẹn. Ọmọ ọdún méje ni mí tó ti kọ́ mi ní kókó yẹn, ó sì ti mọ́ mi lọ́wọ́ débi pé mo lè ta á lójú oorun. Ọwọ́ òsì ni mo fi ń ránṣọ, nítorí náà, kókó tèmi máa ń kọjú sí òsì. Ìyá mi nìkan ló lè dá wọn mọ̀ yàtọ̀.

Lọ́sẹ̀ kejì, Bọ̀dá Ẹlẹ́rìn-ín dá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwé.

"Abẹ́rẹ́," ló pè mí. Torí pé mo tín-ín-rín, tí ẹnu mi sì mú, ni wọ́n ṣe sọ mí bẹ́ẹ̀. "Ẹsẹ̀ màámi ńkọ́?"

"Ó wà níbi tí Ọlọ́run fi í sí."

"Má bínú. Maṣíìnì oníná kan wà nílé mi, kò sẹ́ni tó ń lò ó. Bá mi rán báàgì méjìlá péré, màámi ò ní tẹ ẹsẹ̀ mọ́ láyé."

"Kí lẹ fẹ́ kó síbẹ̀?"

"Oògùn orí fífọ́ ni."

Ẹ má retí kí n sọ pé mi ò mọ̀. Mo mọ̀. Ta ló ń fi oògùn orí fífọ́ pa mọ́ sábẹ́ aṣọ? Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí nígbà yẹn, èmi kì í ṣe ọmọ ọwọ́. Mo rí irọ́ náà kedere, mo sì gbà á, torí pé mo fẹ́ràn ohun tó so mọ́ ọn.

Mo parọ́ fún ìyá mi pé tíṣà iṣẹ́ ọwọ́ wa ló yá mi ní maṣíìnì náà kí n lè fi múra sílẹ̀ fún ìdánwò. Ìyá mi kúnlẹ̀ lórí ẹsẹ̀ tó wú yẹn, ó ń ṣàdúrà fún tíṣà tí kò mọ nǹkan kan. Lọ́sàn-án, tó bá ti lọ ra aṣọ àti bọ́tìnnì, èmi á wọ yàrá ẹ̀yìn, màá tú inú báàgì, màá to hóró oògùn funfun tí wọ́n wé sínú ọ̀rá síbẹ̀, màá sì rán an pa, ọwọ́ mi á sì ta kókó pupa sí i láìrò ó. Ojú ò lè rí i. Ìyẹn tiẹ̀ ń dùn mọ́ mi. Láàárín oṣù kan, ẹsẹ̀ ìyá mi ò wú mọ́.

Àwọn ọmọ ilé ìwé wa ni Bọ̀dá Ẹlẹ́rìn-ín pín báàgì náà fún, kí wọ́n máa bá a ta oògùn fáwọn ẹlẹgbẹ́ wọn. Ọ̀kan bọ́ sọ́wọ́ ọmọ ìyá alágbàfọ̀ àdúgbò wa, ẹni tí a jọ ń jókòó lórí bẹ́ńṣì kan náà. Ọmọ yìí mọ ìṣirò ju tíṣà lọ. Kò pẹ́ tó fi bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́ ọjà tó ń tà wò, ó ní kóun lè máa fi kàwé. Ká tó ṣẹ́jú, ó ń sùn ní kíláàsì, ó ń rẹ́rìn-ín sí ògiri.

"Dá báàgì yẹn pa dà fẹ́ni tó fún ẹ," ni mo sọ fún un.

"Kí ló kàn ẹ́? Ò ń jowú ni!"

Mo lè sọ fún ìyá rẹ̀. Mo lè sọ fún ọ̀gá ilé ìwé. Mo gbé ẹnu mi dákẹ́.

Lọ́jọ́ ìdánwò ìṣirò, orúkọ rẹ̀ nìkan ló ń kọ, ó kọ ọ́ kún ojú ìwé mẹ́rin. Ó wá ṣubú lulẹ̀, itọ́ funfun ń jáde lẹ́nu rẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sí ọsibítù, wọ́n sì tú báàgì rẹ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, alágbàfọ̀ já wọ ṣọ́ọ̀bù wa, ọlọ́pàá obìnrin kan tẹ̀ lé e. Ó ju báàgì náà lu ìyá mi láyà.

"Wo inú ẹ̀! Ọdún mọ́kànlá ni mo fi ń kó aṣọ oníbàárà mi tó ya wá fún ẹ. Ṣé mi ò mọ okùn ẹ ni? Ọmọ mi wà lórí bẹ́ẹ̀dì, kò mọ̀ pé èmi ni ìyá òun! Ìkà obìnrin!"

Ìyá mi gbé báàgì náà lọ sẹ́nu ọ̀nà níbi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Ó wo kókó pupa náà. Ó wá gbójú sókè wo ọwọ́ òsì mi.

"Okùn mi ni," ló wí. "Èmi ni mo rán an."

Irọ́ àkọ́kọ́ tí mo gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ nìyẹn.

"Ta ló gbé e fún yín?" ni ọlọ́pàá bi í.

"Mi ò mọ̀."

Alágbàfọ̀ tutọ́ sílẹ̀. Ṣé ẹ mọ ohun tí èmi ń rò? Mò ń rò pé ìdánwò mi ku mẹ́ta péré. Ìyá mi bẹ̀rẹ̀, ó ń wá bàtà rẹ̀. Ti ẹsẹ̀ ọ̀tún, tí kì í wọ̀ ọ́ tẹ́lẹ̀, wọ̀ ọ́ wẹ́rẹ́. Ibẹ̀ ni ara mi ò ti gbà á mọ́.

"Ẹ fi wọ́n sílẹ̀! Èmi ni mo rán an!"

"Pa ẹnu ẹ mọ́!" ni ìyá mi kígbe.

"Mi ò pa á mọ́. Ẹ fún mi ní abẹ́rẹ́."

Mo fi ọwọ́ òsì ta kókó kan sórí àkísà lójú gbogbo wọn. Ọlọ́pàá gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti inú báàgì. Bákan náà ni wọ́n rí: méjèèjì kọjú sí òsì, ti ìyá mi sì ń kọjú sí ọ̀tún. Alágbàfọ̀ gbá mi létí, kò sì sẹ́ni tó dì í lọ́wọ́ mú.

Mo dárúkọ Bọ̀dá Ẹlẹ́rìn-ín, wọ́n sì lọ mú un. Nígbà tí wọ́n kó wa pọ̀ ní àgọ́ ọlọ́pàá, ó nawọ́ sí mi. "Mi ò mọ ọmọ yìí rí. Okùn ta ló wà nínú báàgì? Ṣé tèmi ni?" Ó ṣì ń rẹ́rìn-ín. Ìgbà yẹn ló yé mi pé kì í ṣe torí pé mo mọ iṣẹ́ ló ṣe wá mi wá. Ó fẹ́ kó jẹ́ pé iṣẹ́ ọwọ́ mi ni wọ́n máa bá níbẹ̀ ni. Ọpẹ́lọpẹ́ àwọn tó gba báàgì lọ́wọ́ rẹ̀, tí wọ́n jẹ́rìí takò ó ní kóòtù, ni wọ́n fi rán an lọ sẹ́wọ̀n. Wọ́n rán èmi náà lọ sílé àtúnṣe ìwà àwọn ọ̀dọ́ fún ọdún kan. Ìdánwò bọ́ lọ́wọ́ mi. Ọlọ́pàá gbé maṣíìnì oníná lọ, ìyá mi pa dà sórí ti ẹlẹ́sẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì tún wú.

Nígbà tí mo dé, ilé alágbàfọ̀ ni mo kọ́kọ́ lọ. Ọmọ rẹ̀ jókòó sílẹ̀, ó ń ka ìka ọwọ́ rẹ̀, kò kà á dé márùn-ún kó tó tún bẹ̀rẹ̀. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja bí ọkùnrin, torí ìkúnlẹ̀ obìnrin ò tó.

"Mi ò dárí jì ẹ́," ni alágbàfọ̀ wí. Ó wọlé, ó gbé báàgì náà jáde, inú rẹ̀ ṣì ya bí ọlọ́pàá ṣe fà á ya kí wọ́n tó dá a pa dà fún un. Ó jù ú sí mi. "Rán an. Kó o sì fi okùn pupa ẹ sí i."

Ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ ẹgbẹ́ mi, bí ẹnikẹ́ni bá ní kí ẹ bá òun gbé oògùn olóró, kí ẹ bá òun tà á tàbí kí ẹ bá òun fi pa mọ́, ohun rere yòówù kó so mọ́ ọn, ẹ sá fún un. Òun á rẹ́rìn-ín, á sì sẹ́ yín. Iṣẹ́ ọwọ́ yín ò ní sẹ́ yín ní tirẹ̀. Mo jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ náà, mo fi ọwọ́ òsì mi rán báàgì rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, mo sì ta kókó pupa sí ìta, níbi tí gbogbo ojú ti lè rí i.