Lùkúmọ́nù Ń Ṣọ́ Ilẹ̀kùn Kọ́ládé

Láti àárọ̀ kùtù ni Lùkúmọ́nù ti jókòó sí ìdí ògiri ilé rẹ̀ ní abúlé Bessé, nílẹ̀ Ṣábẹ̀ẹ́. Ó wọ agbádá tó fi ń kírun Jímọ̀, ó sì tẹjú mọ́ ilẹ̀kùn Kọ́ládé, ọbàkan rẹ̀. Ọjọ́ yẹn ni wọ́n dá fún àwọn méjèèjì ní ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn.

Oko kajú tí bàbá wọn fi sílẹ̀ ni wọ́n ń jà sí. Ilé ẹjọ́ àkọ́kọ́ ti dá a fún Kọ́ládé, Lùkúmọ́nù ní òun kò gbà, ló bá gbé ẹjọ́ náà lọ sókè. Kì í ṣe oko nìkan ló sì ń dùn ún. Páànù tuntun orí ilé Kọ́ládé ń ta á lójú. Bí èèyàn bá ń kọjá, Kọ́ládé ni wọ́n ń kọ́kọ́ kí.

"Bàbá Nafissatou, mọ́tò ti fẹ́ gbéra," ni Fàúsátù ìyàwó rẹ̀ wí.

"Ṣé ó ti jáde?"

"Ta ni?"

"Ta tún ni? Mi ò ní ṣáájú rẹ̀ débẹ̀ bí ẹni tó lọ bẹ̀bẹ̀. Bí àwọn àgbà bá ń dá ẹjọ́ níbí, tí ẹnì kan ò bá tíì dé, ṣebí wọ́n á ránṣẹ́ pè é ni, wọ́n á sì dúró dè é."

"Àwọn àgbà mọ̀ yín. Ṣé adájọ́ mọ̀ yín rí?"

Kọ́ládé ṣílẹ̀kùn, ó gbé àpótí síta, ó jókòó.

"Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀gbọ́n. Agbádá yìí mà dára. Òkú ta ni ẹ fẹ́ lọ sin?"

Bí Kọ́ládé ti jókòó yẹn, ọkàn Lùkúmọ́nù balẹ̀: bí Kọ́ládé kò bá lọ, wọn ò ní lè dá ẹjọ́ náà. Mọ́tò lọ.

Kò pẹ́ tí ìròyìn fi dé: ilé ẹjọ́ ti da ẹjọ́ Lùkúmọ́nù nù, nítorí pé kò yọjú. Ó sáré lọ bá Elvire, obìnrin àdúgbò kan tó ń bá ẹgbẹ́ kan la àwọn àgbẹ̀ lọ́yẹ̀ nípa òfin.

"Kọ́ládé náà ò lọ! Ojú mi ló ṣe."

"Agbẹjọ́rò rẹ̀ lọ, Bàbá. Bí kò tiẹ̀ sí ẹni tó lọ fún un, òun ni ìdájọ́ àkọ́kọ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ̀yin lẹ fẹ́ gbà á. Bí ẹni tó pe ẹjọ́ ò bá yọjú, wọ́n lè kà á sí pé ó ti fi ẹjọ́ náà sílẹ̀."

"Láìgbọ́ tẹnu mi?"

"Ẹnu yín wà ní Bessé."

"Ṣé oko náà ti bọ́ lọ́wọ́ mi nìyẹn?"

"Mi ò lè sọ. Ẹ jẹ́ ká lọ bá agbẹjọ́rò lónìí, nítorí irú ẹ̀ ní iye ọjọ́ tí wọ́n fún un. Bí ìdí gidi bá wà tí ẹ ò fi lọ, wọ́n lè gbọ́ ọ. Kí ló dí yín lọ́wọ́?"

Lùkúmọ́nù yíjú sí ilé Kọ́ládé. Páànù ń kọ yẹ̀rì nínú oòrùn.

Ẹ̀yin ará Ṣábẹ̀ẹ́, bí ẹ bá pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, ẹ̀yin lẹ ni ìrìn. Ẹ mọ ọjọ́ ẹjọ́ yín, kí ẹ lọ, tàbí kí agbẹjọ́rò lọ fún yín. Bí àìsàn tàbí ọ̀fọ̀ bá dí yín lọ́nà, ẹ tètè fi ẹ̀rí ránṣẹ́ kí ọjọ́ tó pé. Ẹ má wo ti ẹni tí ẹ ń bá ṣẹjọ́. Bí ẹ bá jókòó tí ẹ ń ṣọ́ ilẹ̀kùn ẹlòmíràn, adájọ́ ò ní máa wo ọ̀nà yín.