Kóòtù Tí Kò Tíì Gbẹ

"Tiwátọ́pẹ́, ṣé kóòtù uṣẹ́ mi ti gbẹ?"

Ọ̀gbẹ́ni Ògúndípẹ̀ ti wọ bàtà tán, ó sì ti gbé ọ̀kadà rẹ̀ síta. Òjò ti ṣú bo gbogbo Ìkọ̀lé. Ọmọ rẹ̀ obìnrin, tó wà ní kíláàsì kejì àgbà ní ilé ẹ̀kọ́ girama, dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú báàgì tí kóòtù náà wà nínú rẹ̀.

"Ó ti gbẹ, Bàámi."

"Aṣọ inú ẹ̀ ńkọ́?"

"Gbogbo ẹ̀ ló ti gbẹ, sà."

Irọ́ ni. Ti òde nìkan ló gbẹ. Aṣọ inú, tó nípọn bíi kúbùsù, ṣì tutù, Tiwátọ́pẹ́ sì mọ̀ bẹ́ẹ̀, torí òun fúnra rẹ̀ ló ki í bọ inú kóòtù láàárọ̀ ọjọ́ Sọ́ńdè náà.

Panápaná ni Ògúndípẹ̀. Kóòtù iṣẹ́ wọn kì í ṣe aṣọ kan ṣoṣo. Ti òde wà tí iná kì í tètè ràn mọ́, ti àárín wà tí kì í jẹ́ kí omi wọlé, ti inú sì wà tí kì í jẹ́ kí ooru tètè dé ara. Láàárọ̀ Sátidé ló yọ ti inú yìí fún ọmọ rẹ̀ pé kó fọ̀ ọ́.

"Fọ̀ ọ́ nísinsìnyí kó lè ráyè gbẹ," ó ní. "Inú ulé ni kó o sá a sí, má sá a sóòrùn. Má sì fi í padà sínú kóòtù títí á fi gbẹ dénú."

Tiwátọ́pẹ́ ti rẹ aṣọ náà sómi nígbà tí Kíkẹ́, ọ̀rẹ́ rẹ̀, yọjú. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ń ṣe ayẹyẹ, wọ́n ní olórin kan ń bọ̀, wọn ò sì ní gba kọ́bọ̀ lẹ́nu ọ̀nà.

"Aṣọ panápaná lo fẹ́ fi gbogbo Sátidé fọ̀?" Kíkẹ́ di imú rẹ̀. "Wo bó ṣe ń rùn! Ṣé o ò mọ̀ pé Ọmọ Eléèéfín ni wọ́n ń pè ẹ́ ní kíláàsì?"

Ọ̀rọ̀ yẹn dun Tiwátọ́pẹ́ wọra. Ó fi aṣọ náà sílẹ̀ nínú báfù, ó tẹ̀ lé Kíkẹ́ lọ. Ìrọ̀lẹ́ ló tó dé, ló bá ń sáré fọ̀ ọ́. Òjò kò jẹ́ kó gbẹ. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́ tó fún un, omi ṣì jáde.

Kò fẹ́ kí bàbá rẹ̀ mọ̀ pé òun jáde. Ó sì rántí oko bàbá ìyá rẹ̀ ní Ààyè. Bí iná bá ń jó oko lẹ́ẹ̀rùn, ṣe ni bàbá àgbà máa ń ti ẹ̀wù rẹ̀ bọ omi kó tó gbé màrìwò láti fi lu iná náà. Tiwátọ́pẹ́ dá ara rẹ̀ lóhùn pé, "Ṣebí omi ló ń pa iná? Bó ṣe tutù yìí gan-an ló máa dáàbò bo Bàámi." Ọkàn rẹ̀ sì balẹ̀.

Òjò pa Ògúndípẹ̀ lójú ọ̀nà ibi iṣẹ́. Nítorí náà, nígbà tó wọ kóòtù rẹ̀ tí òtútù sì kàn án lẹ́yìn, kò fura.

Ọ̀sán ni wọ́n pe àwọn panápaná sí Ayédé. Ẹnìkan ń bu epo sínú jẹnẹrétọ̀ tó ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, iná sì gba ilé. Ìyá arúgbó kan, Ìyá Ìbíjọkẹ́, tí kò lè dá rìn, wà ní yàrá tó gbẹ̀yìn. Ògúndípẹ̀ àti Abdulazeez, panápaná ẹgbẹ́ rẹ̀, ló wọlé lọ gbé e.

Kò pẹ́ tí àwọn tó wà níta gbọ́ igbe. Abdulazeez wọ́ Ògúndípẹ̀ jáde, ó tún fẹ́ padà wọlé, àmọ́ òrùlé ti wó. Ìyá Ìbíjọkẹ́ kò jáde mọ́.

Àwọn ará àdúgbò wo kóòtù Ògúndípẹ̀, wọn ò rí ibi tó jó. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́ kiri pé ojo ni, pé ó fi ìyá arúgbó sílẹ̀ nínú iná, ó sì sá. Wọn ò rí ẹ̀yìn rẹ̀. Nígbà tí àwọn nọ́ọ̀sì bọ́ aṣọ lọ́rùn rẹ̀, awọ ẹ̀yìn àti èjìká bá a lọ.

Ọjọ́ kejì, ọ̀gá wọn, Ọ̀gbẹ́ni Oyèwọlé, wá sí ọsibítù. Ògúndípẹ̀ dojú bolẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì, Tiwátọ́pẹ́ dúró ti ògiri.

"Iná kò kan kóòtù yìí," ọ̀gá ní. "Kí ló wá bó ẹ báyìí?"

"Omi ni, ọ̀gá. Omi ló hó mọ́ mi lára." Ògúndípẹ̀ mí kanlẹ̀. "Òjò ló pa mí, ó ní láti jẹ́ pé ó wọnú báàgì. Èmi ni mi ò yẹ̀ ẹ́ wò."

Kò wo apá ibi tí ọmọ rẹ̀ wà. Ìgbà yẹn ni Tiwátọ́pẹ́ mọ̀ pé bàbá òun ti mọ̀, àti pé ó fẹ́ ru ẹ̀bi náà fún òun. Ó bú sẹ́kún.

"Kì í ṣe òjò, sà! Èmi ni mo fi í síbẹ̀ ní tútù. Mo purọ́ fún Bàámi. Mo rò pé omi ò lè ṣe nǹkan kan, torí bí wọ́n ṣe ń ṣe é lóko nìyẹn."

Ògúndípẹ̀ ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.

"Ìta gbangba ni uná oko, ọmọ mi, ooru ń ríbi lọ. Afẹ́fẹ́ tó wà nínú aṣọ yẹn ló ń gbà wá lọ́wọ́ ooru. Omi ti gba àyè ẹ̀. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í hó, kò ríbi lọ àfi ara mi. Mo ti dé ẹnu ọ̀nà màmá yẹn. Wọ́n ní, 'Ta nìyẹn?' Mo ní, 'Panápaná ni, mà, mò ń bọ̀.' Ohùn wọn ò kúrò létí mi."

Ọ̀gá Oyèwọlé lọ sọ òtítọ́ fún àwọn ará Ayédé, ẹnu sì kúrò lára Ògúndípẹ̀. Àmọ́ nígbà tí Tiwátọ́pẹ́ àti ìyá rẹ̀ lọ kúnlẹ̀ bẹ Ìbíjọkẹ́, ọmọ olóògbé, kò bú wọn, kò sì ní kí wọ́n wọlé. Ó rọra ti ilẹ̀kùn.

Ògúndípẹ̀ kò lè gbé apá sókè dáadáa mọ́, kò sì lè wọnú iná mọ́. Aṣọ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ń tọ́jú ní iléeṣẹ́ báyìí. Ní gbogbo Sátidé, Tiwátọ́pẹ́ máa ń lọ bá a fọ̀ wọ́n. Kíkẹ́ ò wá pè é mọ́.

Lọ́jọ́ kan tí òjò ń rọ̀, Abdulazeez sáré wọlé. "Tiwátọ́pẹ́, ṣé kóòtù mi ti gbẹ?"

Ó ki ọwọ́ bọ inú kóòtù náà títí dé ìsàlẹ̀ apá rẹ̀. Ó wo ẹ̀yìn bàbá rẹ̀ tó tẹ̀ lórí àga.

"Kò tíì gbẹ, sà," ó ní. "Ẹ mú òmíràn."

Ẹ̀yin ọmọ ilé ẹ̀kọ́, ohun tó ṣòro fún un láti sọ lọ́jọ́ kìíní náà nìyẹn. Ìbáwí ọjọ́ kan péré ló sá fún. Bó bá jẹ́ pé ó sọ ọ́ ni, ìyá arúgbó kan ì bá wà láàyè. Bí ẹ kò bá tíì parí iṣẹ́ tí wọ́n fi rán yín, ẹ sọ pé ẹ kò tíì parí rẹ̀.