Kámẹ́rà Yàrá Màmá Àgbà

Mo gun àga, mo ń kan kámẹ́rà mọ́ ògiri yàrá Màmá Àgbà, ìyá tó bí màmá mi. Oníkámẹ́rà tó bá wa tún un ṣe dúró nísàlẹ̀, ó ń kìlọ̀ fún mi.

"Kámẹ́rà yìí ti pẹ́ láyé, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dàgbà jù ẹ́ lọ. Gbogbo olè ló mọ páásíwọọ̀dù tó bá a wá. Yí i padà lónìí. Inú ilé yìí nìkan ni kẹ́ ẹ ti máa wò ó, má ṣí i sórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Tó bá di Sátidé, màá wá ṣe ọ̀nà tó láàbò tí màmá ẹ á fi máa wò ó níbi iṣẹ́."

"Mo ti gbọ́, sà," ni mo wí, bẹ́ẹ̀ fóònù mi ni mo ń tẹ̀.

Ọ̀gá ilé ìwé ni Màmá Àgbà kí àrùn rọpárọsẹ̀ tó dá wọn dùbúlẹ̀. Wọn kì í yọjú sí àlejò láìmúra. Màmá mi ń lọ síbi iṣẹ́ ìránṣọ, èmi náà ń lọ sílé ìwé. Ìdí nìyẹn tá a fi fẹ́ máa fi kámẹ́rà ṣọ́ wọn, kí wọ́n má baà ṣubú láìsí ẹni tó mọ̀.

Ṣùgbọ́n àwọn àǹtí mi tó ń gbé lọ́nà jíjìn fẹ́ máa rí wọn láràárọ̀, mi ò sì ní sùúrù dé Sátidé. Mo ṣí kámẹ́rà sórí íńtánẹ́ẹ̀tì, mo fi páásíwọọ̀dù sílẹ̀ bó ṣe wà. Mo mọ àwọn àǹtí mi: tí mo bá yí i padà, wọ́n á gbàgbé ẹ kí ilẹ̀ tó mọ́, wọn ò sì ní jẹ́ kí n sinmi. Gbogbo ẹbí yìn mí, orí mi sì wú.

Lọ́jọ́ Ẹtì, àwọn ọmọ kíláàsì mi pagbo yí fóònù kan ká, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Mo yọjú sí i. Obìnrin kan ń wẹ arúgbó kan lórí ibùsùn, ara arúgbó náà ń gbọ̀n. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Ìgbà náà ni mo rí kọ́tìnì wa. Ẹnì kan ti fi páásíwọọ̀dù tí mi ò yí padà wọ kámẹ́rà wa, ó sì ti pín fídíò ẹ̀ kiri.

Mo sáré délé, mo já wáyà kámẹ́rà. Nígbà tí màmá mi dé, ẹkún ni mo fi jẹ́wọ́. Wọn ò nà mí. Wọ́n kàn jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, wọ́n káwọ́ lérí.

Màmá Àgbà gbọ́ gbogbo rẹ̀. "Èèyàn mélòó ló rí mi?" ni wọ́n bi mí, ohùn wọn ń wọ́.

"Mi ò mọ̀, Mà."

"Ṣé o lè gbà á padà lọ́wọ́ wọn?"

"Rárá, Mà."

Wọ́n yíjú sí ògiri.

Lọ́jọ́ kejì, oníkámẹ́rà yí páásíwọọ̀dù padà. Kò gbà á ju ìṣẹ́jú méjì lọ. Ṣùgbọ́n Màmá Àgbà kọ̀ jálẹ̀ pé kámẹ́rà kankan ò gbọdọ̀ wọ yàrá àwọn mọ́. A bẹ̀ wọ́n títí, wọn ò gbà.

Ọjọ́ kẹsàn-án lẹ́yìn ìyẹn, mo ti ilé ìwé dé, mo bá wọn nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn. Ara wọn ti tutù. Dókítà ní ó ti tó wákàtí mẹ́ta tí wọ́n ti ṣubú.

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, tí wọ́n bá fi àṣírí ẹlòmíràn lé yín lọ́wọ́, ẹ gbọ́ ìkìlọ̀, ẹ má fi ìkánjú ṣe é. Ìṣẹ́jú méjì tí mi ò lò yẹn ló gba Màmá Àgbà lọ́wọ́ wa.