Irun Maëlle

"Maëlle, ṣé o fẹ́ jọ ìyá àgbà títí láé ni? Jókòó, jẹ́ n gé e!"

Clémence ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló ń sọ̀rọ̀, àlùmọ́gàjí lọ́wọ́, nínú yàrá rẹ̀ lókè èbúté ìlú Sète nílẹ̀ Faransé, lọ́jọ́ Àìkú. Láti ìgbà tí wọ́n ti mú Maëlle láti ṣe ọmọ apẹja nínú fíìmù tẹlifíṣọ̀n ni àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ kò ti jẹ́ kó gbádùn. "Ìràwọ̀ Párís" ni wọ́n ń pè é nílé ìwé.

"Wọ́n ní n kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan irun mi títí iṣẹ́ á fi parí."

"Hẹ̀n! Àwọn ará fíìmù ti wá di ọ̀gá orí ẹ báyìí!"

Ẹ̀sín yẹn dùn ún wọ akínyẹmí ara. Ó jókòó, Clémence sì gé irun náà dé etí.

Lọ́jọ́ Ajé, obìnrin tó ń mójú tó irun àwọn òṣèré figbe ta nígbà tó rí i. Lọ́jọ́ Ẹtì tó ṣáájú, wọ́n ti ya ibi tí Maëlle ti ń fìbínú jáde nínú ilé. Òní ni wọ́n fẹ́ ya bí ó ṣe dé ìta. Bí wọ́n bá so méjèèjì pọ̀, ọmọ onírun gígùn ni yóò ṣílẹ̀kùn, onírun kúkúrú ni yóò bọ́ síta.

"Sọ pé iná sítóòfù ló jó o," obìnrin náà sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. "Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, Fabrice á lé ẹ."

Fabrice ni olùdarí fíìmù, ó sì ti ń bọ̀. Maëlle fẹ́ràn iṣẹ́ yìí gan-an, irọ́ náà sì rọrùn. Ṣùgbọ́n Odile Vasseur tó ń ṣe ìyá rẹ̀ nínú fíìmù jókòó nítòsí, ó ń jẹ tielle rẹ̀, páì ẹja òkun ti Sète, jẹ́ẹ́. Ó ti pẹ́ tí Odile ti ń ṣe nọ́ọ̀sì, olùkọ́ àti aládùúgbò nínú fíìmù. Àwọn èèyàn mọ ojú rẹ̀, wọn ò mọ orúkọ rẹ̀. "Ṣé ẹ̀yin kọ́ lẹ tọ́jú ìyá mi nílé ìwòsàn?" ni wọ́n máa ń bi í. Síbẹ̀, iṣẹ́ kì í wọ́n ọn. Maëlle bọ̀wọ̀ fún un, kò sì lè purọ́ lójú rẹ̀.

"Ọ̀gá Fabrice, ẹ jọ̀ọ́, wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́, mo sì jẹ́ kí wọ́n gé e. Èmi ni mo jẹ̀bi."

"Máa lọ sílé ẹ!"

"Fabrice, rọra," Odile wí. "Wo bí afẹ́fẹ́ ṣe ń fẹ́. Ọmọ apẹja wo ló máa jáde láìfa aṣọ òjò bàbá rẹ̀ wọ̀? Fi fìlà aṣọ náà bò ó lórí, kí o ya ẹ̀yìn rẹ̀. Èmi á kọjú sí kámẹ́rà."

"Gbogbo ọ̀rọ̀ tó yẹ kó sọ ńkọ́?"

"Ìyẹn ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tí a ò rí ojú rẹ̀ ò ní sọ̀rọ̀ púpọ̀."

Fabrice gbà, ó sì bọ́ lóòótọ́. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí Maëlle ti há sórí di ẹyọ kan: "Màmá." Ó sunkún nínú aṣọ òjò náà, ẹkún yẹn kì í sì í ṣe eré.

"Ẹwà kọ́ ló ń bọ́ mi," Odile sọ fún un lẹ́yìn iṣẹ́. "Bí mo bá ṣàṣìṣe, mo máa ń jẹ́wọ́ kí kámẹ́rà tó tú mi fó. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pè mí."

Nígbà tí fíìmù náà jáde, tó sì kan ibi ìta yẹn, ẹ̀yìn Maëlle nìkan ni ẹbí rẹ̀ rí. Bàbá àgbà dìde, ó pàtẹ́wọ́: "Ẹ wo ẹ̀yìn ọmọ mi! Ta ló ní irú ẹ̀ ní Sète?" Maëlle rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Kò pẹ́, Fabrice fúnra rẹ̀ pè é: "Iṣẹ́ kékeré kan ti délẹ̀. Odile ní o kì í purọ́."

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ̀sín ẹgbẹ́ kì í pẹ́ tán nílẹ̀, ohun tí a bá tìtorí rẹ̀ bà jẹ́ ló ń pẹ́ kó tó ṣeé tún ṣe. Ẹni tó bá sì ṣàṣìṣe, kó tètè jẹ́wọ́. Òtítọ́ lè gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ẹni lónìí, òun náà ni yóò pe ẹni padà síṣẹ́ lọ́la.