Rárá Tíṣà Àgbà

Bí ẹ bá fẹ́ rí ibi tí àgbàlagbà ti ń purọ́ lójú ara wọn, ẹ kàn bèèrè pé ta ni ń lo ọwọ́ òsì láàrin wọn. Kò sẹ́ni tí yóò dáhùn. Lọ́dún 1974, Phebe Ọmọ́tọ́ṣọ́ dúró ní sítéṣàn rélùwéè Òṣogbo láti òwúrọ̀, ó ń bi èrò àti òṣìṣẹ́ ní ìbéèrè yìí, gbogbo wọn ló sì ń bura pé ọ̀tún ni tàwọn.

Ọmọ Iléṣà ni Phebe. Ẹ̀kọ́ nípa bí ọpọlọ ṣe ń ṣiṣẹ́ ló ń kọ́ ní yunifásítì ní Ifẹ̀. Ó ti gboyè àkọ́kọ́, ó ń wá èkejì, ohun tó sì ń wádìí ni ibi tí ọ̀rọ̀ ń gbé nínú ọpọlọ àwọn ọlọ́wọ́ òsì. Ó gbé ẹ̀rọ téèpù dání, pẹ̀lú ohun tí wọ́n ń fi bo etí méjèèjì. Ọ̀rọ̀ kan á máa dún létí ọ̀tún, òmíràn á máa dún létí òsì lẹ́ẹ̀kan náà, ẹni tó bo etí á sì sọ èyí tó gbọ́. Kò dunni rárá. Ṣùgbọ́n ta ni yóò gbé orí ara rẹ̀ fún àjèjì ní gbangba, tí yóò tún jẹ́wọ́ ọwọ́ òsì mọ́ ọn?

Ó ti ń palẹ̀ ẹrù mọ́ nígbà tí ojú rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ akọ̀wé tó ń ta tíkẹ́ẹ̀tì. Ọ̀tún ló fi ń gbowó, ọ̀tún ló fi ń na tíkẹ́ẹ̀tì síni. Ṣùgbọ́n lábẹ́ káńtà, níbi tó rò pé ojú kò tó, òsì ló fi ń kọ̀wé.

"Bùròdá, mo rí yín," ni Phebe wí.

Akọ̀wé náà gbójú sókè. "Kí lẹ rí, Àǹtí?"

"Ọwọ́ yín."

Ó bú sẹ́rìn-ín. "Láti kékeré ni mo ti ń fi í pamọ́. Ẹ̀yin ará yunifásítì yìí mà lójú o." Ó ṣí fìlà iṣẹ́ rẹ̀, ó tẹ orí síwájú. "Ó dáa, orí mi rèé. Ẹ tètè, kí ọkọ̀ tó dé."

Phebe fi nǹkan náà bò ó létí, ó tan téèpù.

"Kí lẹ gbọ́?"

"Ilé. Ohùn ta nìyí?"

"Ohùn mi ni."

"Ẹ tún un ṣe."

"Ṣé ẹ kò gbọ́ ọ dáadáa ni?"

"Mo gbọ́ ọ dáadáa. Ìdí tí mo fi ní kí ẹ tún un ṣe nìyẹn."

Phebe tó máa ń bá àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n jiyàn láìṣẹ́jú wá ń wo ilẹ̀ bí ọmọge tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ọjà. Lùkúmọ̀n lorúkọ akọ̀wé náà, ọmọ Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun.

Kò pẹ́ tí ìfẹ́ fi wọ̀ wọ́n lára. Bí Phebe bá ti ráyè, Òṣogbo ló ń gbà lọ, irọ́ ìwádìí ló sì ń pa fún àwọn ará ilé ẹ̀kọ́. Lùkúmọ̀n á máa bá a ṣẹ̀fẹ̀: "Ọmọ Ọwá, ìfẹ́ ńkọ́? Apá ibo ló ń gbé nínú ọpọlọ?"

"A ò tíì mọ̀."

"Ẹ má wulẹ̀ wá tèmi níbẹ̀. Ọwọ́ rẹ ló wà."

Ìyá Lùkúmọ̀n, Ìyá Nọ́síràtù, kò fẹ́ ọmọ Kìrìsìtẹ́nì, ó sì sọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ó rí bí ọmọ rẹ̀ ṣe ń rẹ́rìn-ín, ó ní, "Bí èyí bá ni Ọlọ́run yàn, alihamudulilahi." Tirẹ̀ tán síbẹ̀. Iléṣà ni wàhálà wà.

Bàbá Phebe ti ṣe hẹ́dímásítà ilé ẹ̀kọ́ Mẹ́tọ́díìsì títí ó fi fẹ̀yìn tì, Tíṣà Àgbà ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Bí ó bá sì ní ọ̀tá láyé, ọwọ́ òsì ni. Pàṣán rẹ̀ ti sọ ọ̀pọ̀ ọmọ ọlọ́wọ́ òsì di ọlọ́wọ́ ọ̀tún tipátipá. Phebe mọ̀, ó kìlọ̀ fún Lùkúmọ̀n kí wọ́n tó wọlé: "Ọ̀tún ni o, olólùfẹ́ mi. Ọ̀tún ni kóo fi ṣe ohun gbogbo."

Lùkúmọ̀n dọ̀bálẹ̀, ó fi ọ̀tún gba omi, ó fi ọ̀tún dá ife padà. Bàbá ti ń túra ká. Àfi bí ìgò ojú Bàbá ṣe yọ̀ lórí itan rẹ̀, tó ń lọ sílẹ̀. Lùkúmọ̀n hán an kó tó balẹ̀, ó nà án sí Bàbá. Òsì ni.

Bàbá kò gba ìgò náà.

"Òsì?" ni Bàbá wí. "Nínú ulé mi?"

"Ẹ jọ̀ọ́, sà, ẹ má bínú. Mi ò mọ̀ọ́mọ̀."

"A kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé bàbá ẹni. Ìwọ wá nà án sí bàbá fúnra rẹ̀! O jẹ́ Ìmàle, mo ti ń gbìyànjú láti gbé ìyẹn mì. Ṣùgbọ́n èyí, rárá. Mi ò ní fọmọ mi fún ọlọ́wọ́ òsì."

Phebe dìde. "Bàbá, bí Ọlọ́run ṣe dá a nìyẹn. Ọwọ́ tí ẹ ń bú yìí ni mo ń kàwé lé lórí. Òun ni mo sì fẹ́."

"Rárá!"

"Mo fẹ́ ẹ, Bàbá."

"Mo ní rárá!"

Ìyá Phebe fi aṣọ bojú. Lùkúmọ̀n tún dọ̀bálẹ̀, ó jáde. Phebe bá a dé ìdíkọ̀, omijé ìbínú ń dà lójú rẹ̀. "Mi ò ní fi ọ́ sílẹ̀," ló wí, "mi ò sì ní fi bàbá mi sílẹ̀. Mo fẹ́ ẹ̀yin méjèèjì. Ẹnu wọn ló sọ rárá, ẹnu wọn náà ni mo fẹ́ kó gbà."

Lọ́jọ́ Ìsinmi kan, Bàbá ń ka Bíbélì lọ́wọ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì, Bíbélì bọ́, òun náà tẹ̀lé e. Rọpárọsẹ̀ ni. Nígbà tí wọ́n gbé e dé láti ọsibítù, apá ọ̀tún àti ẹsẹ̀ ọ̀tún ti kú. Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ tó fi ń dẹ́rù ba ọmọ iléèwé, ọ̀kan ṣoṣo ló kù sí i lẹ́nu.

"Bàbá, ẹ kú òwúrọ̀."

"Rárá."

"Ṣé ebi ń pa yín?"

"Rárá," á sì la ẹnu gba ẹ̀kọ.

Àbúrò Bàbá lóbìnrin, Àpìkẹ́, kò wá ìdí ọ̀rọ̀ lọ jìnnà. "Ẹ ti gbàgbé ẹni tó fi òsì na nǹkan sí i? Ṣé ọ̀tún rẹ̀ náà kọ́ ló kú yìí? Ọmọ Òṣogbo yẹn ló dì í lẹ́nu!" Ọ̀rọ̀ yìí kárí àdúgbò kí ilẹ̀ tó ṣú.

"Màmá, kò sẹ́ni tó dì wọ́n," ni Phebe wí. "Ẹ̀jẹ̀ ni kò dé apá òsì ọpọlọ wọn. Apá òsì ọpọlọ ló ń darí ọ̀tún ara, ibẹ̀ náà sì lọ̀rọ̀ ń gbé lórí ọ̀pọ̀ èèyàn. Ọ̀rọ̀ yé wọn o. Wọn ò kàn rí i sọ ni."

"Ìwé ti yí ọ lórí, ọma mi. Rárá ló sọ kó tó ṣubú, rárá náà ló ń sọ dòní. Kí lo tún fẹ́ gbọ́?"

Ọlọ́rundáre, àbúrò Bàbá lọ́kùnrin, pe Phebe sẹ́yìnkùlé. Ó fẹ́ràn ọmọ náà púpọ̀. "Gbọ́ mi," ló wí. "Ẹ̀gbọ́n mi ò lè sọ̀rọ̀ mọ́, èmi ló kàn. Jẹ́ kí àwọn ará Òṣogbo máa bọ̀. Èmi á fà ọ́ lé wọn lọ́wọ́."

Nígbà tí Phebe sọ ọ́ fún Lùkúmọ̀n, ojú rẹ̀ tàn. "Ilẹ̀kùn ti ṣí, àyànfẹ́ mi! Kí la tún ń dúró dè?"

"Bàbá mi kò tíì kú, Lùkúmọ̀n."

"Mi ò sọ pé wọ́n kú."

"O fẹ́ ká fò wọ́n kọjá bí ẹní fo òkú. Màmá Àpìkẹ́ ní rárá tó ń jáde lẹ́nu wọn ni èsì. Bàbá Ọlọ́rundáre ní ìdákẹ́ wọn ni èsì. Ẹnikẹ́ni ò tíì bi wọ́n. Èmi á bi wọ́n."

"Bí wọ́n bá tún ní rárá ńkọ́?"

"Á dùn mí wọ egungun," ló wí. "Ṣùgbọ́n á jẹ́ tiwọn."

Lùkúmọ̀n bínú lọ́jọ́ náà. Ó ní Phebe ti sọ ọ̀rọ̀ àwọn di ìwé tó ń kà tí kò fẹ́ kó tán. Ó lọ láìdágbére. Ọ̀sẹ̀ kejì ló padà wá sí Ifẹ̀, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá rẹ̀, fìlà wà lọ́wọ́. "Bí wọ́n bá fo bàbá tèmi kọjá báyìí, mi ò ní gbà," ló wí. "Sọ ohun tí a óò ṣe fún mi."

Ohun tí wọ́n ń ṣe fún irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ ni kí wọ́n jẹ́ kó fi ọwọ́ dáhùn. Wọ́n á kọ́kọ́ bi í ní ohun tí gbogbo èèyàn mọ èsì rẹ̀, kó lè dájú pé ọwọ́ náà ń sọ òótọ́. Phebe ra síléètì àti ṣọ́ọ̀kì. Ìlà kan tí tíṣà ń fà sí iṣẹ́ tó yege dúró fún bẹ́ẹ̀ ni. Ìlà méjì tó dábùú ara wọn, tó ń fà sí èyí tó kùnà, dúró fún rárá. Ta ni yóò mọ̀ ọ́n fà ju hẹ́dímásítà lọ?

Ṣùgbọ́n òsì nìkan ló ṣẹ́kù fún Bàbá, abẹ́ aṣọ ló sì ń tọ́jú rẹ̀ sí. Bí eṣinṣin bá bà lé e nímú, kò ní fi òsì lé e.

"Èmi á lọ bá wọn," ni Lùkúmọ̀n wí.

Ọjọ́ Sátidé ló dé Iléṣà. Àpìkẹ́ na ọwọ́ dí ẹnu ọ̀nà. "Kò ní wọ ulé yìí!"

"Màmá, mo bọ̀wọ̀ fún yín," ni Phebe wí, "ṣùgbọ́n a óò wọlé." Ó di Lùkúmọ̀n lọ́wọ́ òsì mú lójú rẹ̀, wọ́n gba abẹ́ apá rẹ̀ kọjá.

Bàbá kọjú sí ògiri. Lùkúmọ̀n kò bẹ̀bẹ̀. Ó jókòó sórí ẹní, ó gbé síléètì lé itan, ó ń fi òsì kọ̀wé, kò fi pamọ́. Ṣọ́ọ̀kì ń dún. Ẹni tó fi gbogbo ayé rẹ̀ kọ́ni kò lè gbọ́ ìró ṣọ́ọ̀kì kó má wẹ̀yìn. Bàbá yíjú díẹ̀díẹ̀. Ìwé náà rẹwà. Ibẹ̀ ló ti rí àpá tó wà lórí oríkèé ọwọ́ Lùkúmọ̀n.

"Tíṣà mi ni, sà," ni Lùkúmọ̀n wí. "Ó fẹ́ kí n dèèyàn ni."

Bàbá wo àpá náà, ó wò ó títí. Òsì rẹ̀ wá jáde lábẹ́ aṣọ, ó fi ìka kan kàn án. "Rárá," ló wí, ohùn rẹ̀ kò ju ti ẹni tó ń rẹ ọmọ lẹ́kún.

Láti ìgbà náà, Sátidé kò bọ́ lọ́wọ́ Lùkúmọ̀n. Ó kọ́ Bàbá bí a ṣe ń dá síléètì sí ẹ̀gbẹ́ kí àtẹ́lẹwọ́ má baà pa ohun tí a kọ rẹ́, ó kọ́ ọ bí a ṣe ń mú ṣíbí. Nígbà mìíràn Bàbá á ju ṣọ́ọ̀kì nù. Lùkúmọ̀n á ṣà á wá. "Ẹ tún un ṣe, sà. Ṣebí bí ẹ̀yin tíṣà ṣe máa ń wí fún wa nìyẹn?" Kò dárúkọ Phebe lẹ́ẹ̀kan.

Nígbà tí ọwọ́ Bàbá ti dúró dáadáa lórí síléètì, Phebe kó ẹbí jọ sí yàrá ìgbàlejò, Lùkúmọ̀n jókòó sí igun kan. Ó kúnlẹ̀ níwájú bàbá rẹ̀.

"Bàbá, ṣé Iléṣà la wà?"

"Rárá," lẹnu wí. Ọwọ́ fa ìlà kan, ó yege.

"Ṣé Màmá Àpìkẹ́ ni ìyàwó yín?"

"Rárá." Ọwọ́ fa ìlà méjì gbọnmọgbọnmọ, ṣọ́ọ̀kì kán. Ọlọ́rundáre rẹ́rìn-ín títí ó fi wúkọ́.

"Ṣé Lùkúmọ̀n ló dì yín lẹ́nu?"

Ìlà méjì. Àpìkẹ́ gbójú sí òrùlé.

Phebe sún mọ́ ọn. "Bàbá mi, ohun tí ẹ bá fà ni mo gbà. Ṣé ẹ fi mí fún Lùkúmọ̀n?"

"Rárá."

Ṣọ́ọ̀kì kò mira. Bàbá wo síléètì, ó wo ọmọ rẹ̀, ó sì ti síléètì kúrò lórí itan. Ó ṣubú, ó là sí méjì. Phebe di ojú rẹ̀. Ó ti parí, ló wí nínú ara rẹ̀.

Ìgbà tó gbọ́ igbe ìyá rẹ̀ ló tó lajú. Bàbá ti na òsì sí Lùkúmọ̀n.

Lùkúmọ̀n fi orúnkún rìn wá, ìbẹ̀rù sì jẹ́ kó na ọ̀tún. "Rárá!" Bàbá gbá ọ̀tún náà dànù. Ó dúró títí Lùkúmọ̀n fi mú òsì jáde, ó gbá a mú, ó fa ọwọ́ Phebe lé e. Lẹ́yìn náà ló gbé àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ lé wọn lórí.

"Òsì!" ni Àpìkẹ́ ké. "Òsì ló fi ń súre fún wọn!"

"Ọwọ́ tí wọ́n ní nìyẹn, Màmá," ni Phebe dáhùn lábẹ́ ọwọ́ náà. "Ọ̀tún ni wọ́n fi lé wa, òsì ni wọ́n fi fà wá mọ́ra. A gbà á."

"Rárá," ni Bàbá ń wí. "Rárá, rárá, rárá." Ohùn rẹ̀ ń lọ sókè, ó ń bọ̀ nílẹ̀. Ìyá Phebe tó ti ń bá a gbàdúrà òwúrọ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n ti fẹ́ra mọ ohùn náà dáadáa. Ó kúnlẹ̀.

"Àmín," ló wí.

"Rárá, rárá."

"Àmín," ni Ọlọ́rundáre wí. Lùkúmọ̀n, ọmọ Ìmàle, kò ní láti wá ọ̀rọ̀ mìíràn. "Àmín o, Bàbá."

Kóòtù Òṣogbo ni wọ́n ti ṣègbéyàwó, kí ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí má baà jà. Nígbà tó kan Lùkúmọ̀n láti buwọ́ lùwé, ó mú bírò sí òsì lójú gbogbo èèyàn, ó tẹ̀ síwájú. Akọ̀wé kóòtù fajú ro, ó la ẹnu láti sọ̀rọ̀.

"Rárá!" ni ohùn kan dún láti orí àga iwájú.

Akọ̀wé pa ẹnu dé. Lùkúmọ̀n buwọ́ lùwé, ìwé náà sì rẹwà.