Agolo Fíìmù Ìgbà Ogun Tó Wà Lábẹ́ Ibùsùn Bàbá

Ní gbogbo ọjọ́ Sátidé, bí oòrùn bá ti mú, Bàbá Onísinimá á fa agolo fíìmù kan jáde lábẹ́ ibùsùn, á ṣí i, á gbé e sójú fèrèsé. Ó ní kí ọ̀rinrin má baà bà á jẹ́. Ṣebí aṣọ tí a bá fẹ́ kó pẹ́, a máa ń sá a ni?

Ìgbà ogun ni wọ́n ya fíìmù náà. Nígbà yẹn, bàbá ló ń yí ẹ̀rọ nílé sinimá, ìjọba a sì máa fi irú rẹ̀ ránṣẹ́: bí wọ́n ṣe ń pín wàrà fáwọn ọmọ tí bàbá wọn wà lójú ogun, bí aráàlú ṣe lè dáàbò bo ilé wọn bí bọ́ǹbù bá já. Áà, ayé ìgbà yẹn! Ebi ń pa wọ́n, ẹ̀rù ń bà wọ́n, síbẹ̀ aládùúgbò mọ aládùúgbò. Nínú fíìmù yìí, ọmọge kan wà lórí ìlà tó ń gba garawa iyanrìn, tó ń rẹ́rìn-ín. Òun ni bàbá fẹ́. Ó ti di olóògbé báyìí, kò sì sí fọ́tò ìgbà ọmọge rẹ̀ kankan nílé.

Ní Sátidé kan, ọmọ wọn obìnrin tó jẹ́ panápaná wá kí bàbá. Kò tíì jókòó tó fi béèrè ohun tó ń rùn bí ọtí tó ti kan. Bàbá nawọ́ sí agolo. Ọmọ rọra gbé e kúrò nínú oòrùn lọ síbi tútù lẹ́yìnkùlé.

Ó ṣàlàyé pé irú fíìmù àtijọ́ bẹ́ẹ̀, ooru nìkan lè mú un gbiná, bó bá sì gbiná, omi kì í pa á; kò gbọ́dọ̀ wà nílé mọ́. Bàbá fárígá. Ó ní àìmọye ọdún lòun fi yí i, ta ló jóná? Àbí ọmọ fẹ́ gbé ìyàwó òun dà nù ni?

"Bàbá mi, kí ni màmá ń gbé nínú fíìmù yẹn?"

"Iyanrìn."

"Kí ló fẹ́ fi ṣe?"

"Kí ilé má baà jó."

"Ẹ gbọ́ ti màmá nígbà náà."

Omi bọ́ lójú bàbá, ṣùgbọ́n ó gbà. Ilé tí wọ́n ti ń tọ́jú fíìmù àtijọ́ rán òṣìṣẹ́ wá gbé e. Lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, wọ́n gbé ẹ̀dà tuntun wá. Ooru ojú fèrèsé ti ba ìdajì fíìmù náà jẹ́. Òṣìṣẹ́ ní ẹ̀ẹ̀rùn kan sí i, ibi tí màmá wà náà ì bá ti lọ. Wọ́n na aṣọ funfun mọ́ ògiri; màmá jáde, ó gba garawa, ó rẹ́rìn-ín. Bàbá ní kí wọ́n tún un yí.

Ẹ̀yin ará, bí ẹ bá ní fíìmù àtijọ́ nílé, ẹ má sá a sóòrùn, ẹ má fi sí yàrá tàbí ìdí sítóòfù. Bó bá ń rùn kíkan, tó ń lẹ̀ mọ́ra, ẹ má tú u, ẹ má jù ú sí ààtàn. Ẹ pe panápaná. A mọ̀ pé ìfẹ́ lẹ fi ń tọ́jú rẹ̀. Ẹni tí ẹ torí rẹ̀ ń tọ́jú ẹ̀ kò ní fẹ́ kí ilé jó mọ́ yín lórí.