Igi Òdòdó Ẹ̀yìnkùlé Ìyá Kápẹ́ńtà

Orí òrùlé ni kápẹ́ńtà wà lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ rí i. Ó ń tún òkè yàrá tí wọ́n ti ń tọ́jú irúgbìn ṣe ní ọgbà ìjọba, ló bá gbọ́ ohùn obìnrin nísàlẹ̀.

"Jọ̀ọ́, má kú. Mo bẹ̀ ẹ́. Kí ni mo fi ṣẹ̀ ọ́?"

Kápẹ́ńtà yọjú láàárín igi àjà. Kò sí ẹlòmíì níbẹ̀. Igi tín-ín-rín kan tó ń gbẹ lọ nínú ìkòkò ni obìnrin náà ń bá sọ̀rọ̀. Ẹ̀rín pa kápẹ́ńtà, ìṣó mẹ́ta sì já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Ẹ má bínú," ó ní. "Mo rò pé ọkọ yín lẹ ń bẹ̀ ni."

"Mi ò lọ́kọ," obìnrin náà dáhùn, kò tilẹ̀ rẹ́rìn-ín. "Ẹlẹ́ẹ̀kẹrin rèé tó ń kú mọ́ mi lọ́wọ́. Ọdún kẹrin nìyí tí mo ti ń wá èyí tó máa yè. Òkè olókùúta etí ìlú yìí nìkan ló ń hù sí ní gbogbo ayé, àwọn tó ń fọ́ òkúta sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ òkè ọ̀hún tán."

Ó gbé àwòrán kan sókè fún un: igi kékeré tí kò ga ju àyà èèyàn lọ, òdòdó bò ó mọ́lẹ̀. Kápẹ́ńtà wò ó títí.

"Ṣé kì í ṣe èyí tí màmá mi máa ń sá aṣọ lé lórí lẹ́yìnkùlé wa nìyí?"

Agolo omi bọ́ lọ́wọ́ obìnrin náà.

Nígbà tó di Sátidé, ó dé ilé wọn nísàlẹ̀ òkè. Ìyá kápẹ́ńtà jókòó sórí àpótí, ó ń rán bọ́tìnnì mọ́ ṣẹ́ẹ̀tì. Obìnrin náà kò rí i rárá. Ìdí igi ló gbà lọ tààrà, ó sì kúnlẹ̀ gbì síwájú rẹ̀. Òwúrọ̀ ni, òdòdó náà funfun bí òwú. Tó bá di ọ̀sán, á pọ́n díẹ̀ bí àtẹ́lẹwọ́ ọmọ tuntun. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, á pọ́n bí ẹyin iná, á sì rẹ̀ dànù. Ewé rẹ̀ nípọn, ó ní irun wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ bí etí ológbò.

"Ẹwà rèé o," ó ní, omi lé ròrò sí i lójú. "Ẹwà rèé!"

Ìgbà tó dìde ló tó rántí pé èèyàn wà níbẹ̀. Ó ti pẹ́ jù. Ìyá ti kó bọ́tìnnì rẹ̀, ó ti wọlé.

"Ó kúnlẹ̀ kí igi kó tó kí mi," ni ìyá wí nígbà tí àlejò lọ tán. "Ọmọ mi, ṣọ́ra o."

Ṣùgbọ́n ìfẹ́ kì í gbọ́ ìkìlọ̀. Gbogbo Sátidé ni obìnrin náà ń wá pẹ̀lú ìwé àti rúlà, tí á máa ka òdòdó, tí á máa wọn ewé. Ó mọ orúkọ gbogbo kòkòrò tó ń bà lé igi náà. Tó bá ń sọ̀rọ̀ wọn, ojú rẹ̀ á máa dán, kápẹ́ńtà á gbàgbé pé iṣẹ́ ń dúró de òun. Ó kan bẹ́ǹṣì fún un kí eékún rẹ̀ lè sinmi. Nígbà tó di oṣù kejì, wọn kò pe ara wọn ní "ẹ̀yin" mọ́. Nígbà tó di ẹ̀kẹta, "Olódòdó mi" ni ọ̀kan ń pè, "Ọlọ́wọ́ wúrà mi" sì ni èkejì ń dáhùn.

Ìyá kò yí ohùn padà. "Igi ló ń fẹ́, kì í ṣe ìwọ. Ilẹ̀kùn tó gbà wọlé lásán ni ẹ́."

Ọ̀rọ̀ náà gún kápẹ́ńtà bí ẹ̀gún. Lọ́jọ́ kan, ó bi obìnrin náà léèrè: "Ká ní igi yìí kú lónìí, ṣé wàá tún wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀?"

Obìnrin náà pa ìwé rẹ̀ dé. Ó fi rúlà sínú àpò.

"Mi ò fẹ́ parọ́ fún ẹ," ó ní níkẹyìn. "Jẹ́ kí n lọ ro ó."

Ọkàn kápẹ́ńtà bàjẹ́. Odidi ọ̀sẹ̀ méjì ni kò fi gbé ìpè rẹ̀.

Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, ó ti ibi iṣẹ́ dé lọ́sàn-án, ó bá ọkọ́ nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi. Ìyá rẹ̀ jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó fọwọ́ lẹ́rán.

"Ó wá," ni ìyá wí. "Ìwọ ló wá wò, mo ní o ò sí nílé. Ni mo bá gbé ọkọ́ fún un. Mo ní, hú igi náà máa lọ, mo fi ta ọ́ lọ́rẹ, ṣùgbọ́n fi ọmọ mi sílẹ̀."

"Màámi!"

"Jẹ́ n sọ̀rọ̀ tán. Ó wo igi, ó wò mí, ó gbé ọkọ́ sílẹ̀ jẹ́jẹ́. Ó ní, 'Ẹ dákun, mà, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni hú u, kò ní yè níbòmíì. Tí ẹ ò bá fẹ́, mi ò ní wá wò ó mọ́. Àmọ́ kí n fi ọmọ yín sílẹ̀, ìyẹn ni mi ò lè ṣe.' Ó kí mi dáadáa, ó gba ọ̀nà ibùdókọ̀ lọ, kò tíì pẹ́."

Kápẹ́ńtà dúró bí òpó.

"Kí lo tún ń wò lójú mi?" ìyá jágbe mọ́ ọn. "Ẹni tó kọ ohun tó ti ń wá láti ọdún mẹ́rin nítorí rẹ! Àbí èmi arúgbó ni kí n bá ọ sáré tẹ̀lé e?"

Ó sáré. Ibùdókọ̀ ló ti bá a, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

"Mo ti ro ó," obìnrin náà ní, kò jẹ́ kó la ẹnu. "Lọ́jọ́ kìíní, igi ni mo wá wò, mi ò ní tàn ẹ́. Ṣùgbọ́n láti ọ̀sẹ̀ méjì yìí, mi ò lá àlá igi kankan. Ohùn rẹ ni mò ń gbọ́ kiri ọgbà. Kódà ìró òòlù aládùúgbò wa ń pa mí lẹ́kún. Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ, jàre."

"Dárí jì mí," kápẹ́ńtà ní. "Ewé àti òdòdó ni mò ń bá jowú, èmi àgbàlagbà."

Wọ́n bú sẹ́rìn-ín, wọ́n rín in títí bọ́ọ̀sì fi kọjá wọn.

Lọ́jọ́ kejì, ìyá fúnra rẹ̀ ló lọ sí ọgbà ìjọba. Ó wo àwọn ìkòkò, ó mi orí. "Omi lo fi ń pa wọ́n. Igi òkúta ni. Bí ọmọ mi ló rí, ìkẹ́jù ló ń bà á jẹ́." Wọ́n kó òkúta wẹ́wẹ́ sínú wọn dípò erùpẹ̀, wọ́n sì gbin irúgbìn igi ẹ̀yìnkùlé sí i. Kí ọdún tó yí, méje ló yè, ọ̀gá ọgbà sì ṣí fìlà nígbà tó rí wọn.

Kọ́ọ̀tù ni wọ́n ti ṣègbéyàwó. Akọ̀wé gbé ìwé sókè: "Arábìnrin, ṣé o gbà láti fẹ́…"

"Mo gbà!"

"Ẹ jẹ́ kí n dárúkọ rẹ̀ ná," akọ̀wé ní, gbogbo yàrá sì rẹ́rìn-ín.

Ìyá dìde níwájú, ó ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú.

"Ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ bẹ́ẹ̀, ọ̀gá. Ó ti gbà. Èmi náà ti gbà."